Ṣé fèrè rikọ́dà lè di iṣẹ́ ọmọ mi?

Ìbéèrè: Ẹ kú iṣẹ́ o, sà. Fèrè oníke tí wọ́n fi ń kọ́ wọn lórin nílé-ìwé, rikọ́dà, kò kúrò lẹ́nu ọmọbìnrin mi mọ́. Ó ní òun máa fi jẹun. Bàbá rẹ̀ ní eré ọmọdé ni. Ṣé ẹnì kan ti fi ṣiṣẹ́ rí?
Ìyá Onífèrè, Ìkẹ́rẹ́-Èkìtì

Ìdáhùn: Ẹ kú ọmọ títọ́, mà. Ó wà, ẹ sọ fún bàbá wọn. Frans Brüggen, ọmọ Amsterdam tí wọ́n bí ní 1934, ọmọ ọdún 21 péré ni nígbà tó di olùkọ́ nílé-ẹ̀kọ́ gíga orin ní The Hague. Rikọ́dà ló gbé e débẹ̀. Ní 1981 ó wà lára àwọn tó dá ẹgbẹ́ olórin Orchestra of the Eighteenth Century sílẹ̀, ó sì ń darí wọn títí tó fi kú ní 2014. Obìnrin pàápàá wà nídìí rikọ́dà: Michala Petri, ọmọ Denmark.

Èmi tí mo kọ́ ọmọ lórin l'Adó títí mo fi fẹ̀yìn tì, àtàǹpàkò òsì ni mo máa ń kọ́kọ́ wò. Bí ohùn bá ń lọ sókè, díẹ̀ ni kó ṣí ihò ẹ̀yìn yẹn. Kó fi abíyá mú orí fèrè gbóná kó tó fun ún, kí omi má baà dí i. Ẹ má tíì ra onígi, ọyẹ́ a máa la igi (ẹ sì mọ ọyẹ́ tiwa). Tó bá mọ kékeré yìí dáadáa, ẹ wá alto, rikọ́dà tó tóbi ju èyí lọ, fún un. Orí ìyẹn ni èyí tó pọ̀ jù nínú iṣẹ́ Telemann àti Handel, àwọn tó kọ orin láyé àtijọ́, fún rikọ́dà wà.

Ti owó? Ọ̀pọ̀ nínú àwọn tó ń fi rikọ́dà ṣiṣẹ́ ń fi kíkọ́ni kún un. Ẹ jẹ́ kó ti mọ nótì kà kó tó wọ SS1.