Ẹ Bi Wá, Ẹ Gbọ́ Èsì: Ẹ Má Tíì Ta Ilẹ̀ Torí Tíráyàlì

Ẹ kú ọjọ́ mẹ́ta o, ẹ̀yin èèyàn wa. Lẹ́tà tó wọlé lóṣù yìí, àfi bíi pé ẹ forí korí, bọ́ọ̀lù, bọ́ọ̀lù, bọ́ọ̀lù ṣáá. Mo mú mẹ́rin nínú ẹ̀, ti àkọ́kọ́ ló sì máa gba àyè jù torí òun ló ká mi lára jù.

ÌBÉÈRÈ: Ẹ kú iṣẹ́ o, bùrọ̀dá. Ọmọ mi ọkùnrin ṣẹ̀ṣẹ̀ pé ọdún 16, iwájú ló ń gbá, ẹsẹ̀ òsì ẹ̀ ò ṣe é dúró dè. Ọ̀gbẹ́ni kan wá wò wọ́n lórí pápá, ó ní ẹ́jẹ́ǹtì lòun, òun fẹ́ mú un lọ sí Tọ́kì fún tíráyàlì, kí kíláàbù ibẹ̀ lè dán an wò, ká wá mílíọ̀nù méjì ààbọ̀ náírà fún físà àti tíkẹ́ẹ̀tì. Ó tún ní ká gé ọjọ́ orí ẹ̀ kù sí 14 torí ọmọdé làwọn òyìnbó ń fẹ́. Bàbá ẹ̀ ti ń wá ẹni tó máa ra ilẹ̀ wa kan. Ọkàn mi ò balẹ̀. – Ìyá Aláṣọ, ọjà Àtàkúmọ̀sà, Iléṣà

ÈSÌ: Ìyá wa, ẹ kú ìtọ́jú ọmọ. Ẹ bá mi bẹ bàbá, kí wọ́n má tíì ta nǹkan kan.

Ẹ jẹ́ n bẹ̀rẹ̀ látorí ọdún 16 yẹn. Òfin FIFA ni pé agbábọ́ọ̀lù tí ò bá tíì pé 18 ò lè ti orílẹ̀-èdè kan bọ́ sí kíláàbù orílẹ̀-èdè míì. Ó níbi tí wọ́n yọ sílẹ̀, bíi kí àwọn òbí fúnra wọn kó lọ síbẹ̀ torí nǹkan tí ò kan bọ́ọ̀lù, tàbí ọmọ tó ń gbé lẹ́bàá bọ́dà, tàbí àwọn ọmọ 16 sí 18 tó ń rìn láàárín àwọn orílẹ̀-èdè European Union, ṣùgbọ́n Iléṣà sí Istanbul ní Tọ́kì ò sí nínú ẹ̀. Ìyẹn ni pé tọ́mọ yẹn bá tiẹ̀ débẹ̀, tó gbá bọ́ọ̀lù bí iwin, kò sí kíláàbù tó lè forúkọ ẹ̀ sílẹ̀, inú yàrá kan ló máa jókòó sí pẹ̀lú àwọn ọmọ míì tí wọ́n purọ́ fún, físà á parí, òtútù á máa mú un, ẹ̀yin náà á wà nílé ẹ máa pe fóònù.

Èyí tó tún pa mí lẹ́rìn-ín ni ti owó. Ṣebí ọmọ òṣómàáló ni wá ní Iléṣà ńbí. Àwọn bàbá wa á ru aṣọ lọ sílùú onílùú, wọ́n á tà á láwìn, tọ́jọ́ bá pé wọ́n á lọ lóṣòó sẹ́nu ọ̀nà onígbèsè pé àwọn ò ní dìde àfi táwọn bá gbowó àwọn. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ tún ń taṣọ, ṣé ẹ̀yin lẹ wá máa kówó fún ẹni tẹ́ ò mọ ilé ẹ̀? Nínú bọ́ọ̀lù gidi, kíláàbù tó fẹ́ ọmọ ló ń náwó, kódà owó máa ń padà sílé ni: tí wọ́n bá ra agbábọ́ọ̀lù tí àdéhùn ẹ̀ ò tíì parí, tí wọ́n mú un kọjá sí orílẹ̀-èdè míì, ìdá 5 nínú 100 owó yẹn jẹ́ ti gbogbo ibi tó ti kọ́ bọ́ọ̀lù láti ọdún 12 títí dé 23. Nígbà tí Galatasaray, kíláàbù Tọ́kì, ra Victor Osimhen ọmọ Nàìjíríà lọ́wọ́ Napoli ti Ítálì ní 2025, mílíọ̀nù 75 yúrò ni, ẹ wá ṣírò ìdá 5 ẹ̀, mílíọ̀nù 3.75 nìyẹn! Kíláàbù kékeré tó forúkọ ọmọ sílẹ̀ dáadáa ló lè rí irú ẹ̀ gbà, èyí tó kàn ń kó wọn jọ sórí pápá láìsí ìwé ò lè rí kọ́bọ̀. Torí náà ohun tó yẹ kẹ́ ẹ bi kóòṣì ẹ̀ lọ́la ni pé, orúkọ ọmọ mi dà nínú ìwé?

Ti ọjọ́ orí, ẹ má gbà, ẹ má gbà láéláé. Láti Ife Àgbáyé àwọn tí ò ju ọdún 17 tí Nàìjíríà gbàlejò ní 2009 ni wọ́n ti ń fi ẹ̀rọ MRI ya àwòrán eegun ọrùn ọwọ́ àwọn ọmọ láti mọ ẹni tó ti ju ọdún 17 lọ. Tẹ́ ẹ bá gé ọdún méjì lónìí, ẹ̀rọ yẹn lè má sọ nǹkan kan, ṣùgbọ́n tó bá di ọdún mẹ́ta sí i, tí ìwé ń sọ 17 tí eegun ń sọ 19, ọjọ́ tí wọ́n fẹ́ mú un lọ síbi gidi ló máa já, ìwé WAEC ẹ̀ á tún máa sọ tiẹ̀ lọ́tọ̀.

Ẹ wá bi ọ̀gbẹ́ni yẹn ní nọ́ńbà láísẹ́ǹsì ẹ̀. Láti 2023, ẹ́jẹ́ǹtì gbọ́dọ̀ ní ìwé àṣẹ FIFA, ìdánwò ni wọ́n sì ń ṣe fún un, orúkọ àwọn tó ní in wà lórí ìkànnì FIFA, ẹ ní kí ọmọ tó mọ fóònù tẹ̀ bá yín wò ó. Mo mọ ọmọ kan ládùúgbò wa, ọjọ́ ti pẹ́, bàbá ẹ̀ ta oko kòkó, wọ́n ní Faransé ni wọ́n ń mú un lọ, Kùtọnu ni wọ́n já a sí, pásípọ́ọ̀tù lọ, ẹni tó mú un lọ, fóònù ẹ̀ ò lọ mọ́. Ọmọ yẹn mọ bọ́ọ̀lù o, ó mọ̀ ọ́n ju àwọn kan tá à ń wò nínú tẹlifíṣọ̀n lọ. Ẹ jẹ́ kí tiyín parí ìwé ẹ̀, kó wà nínú kíláàbù tó ní ìwé, tó bá pé 18 ká tún jọ sọ̀rọ̀.

ÌBÉÈRÈ: Èmi ni atamátàsé tíìmù fákọ́tì wa ní OAU. Mo ti gbá bọ́ọ̀lù mẹ́fà láìsí góòlù kan, wọ́n ti ń pè mí ní “òǹwòran” lórí WhatsApp. Ṣé kí n lọ máa gbá ẹ̀yìn ni? – Nọ́ńbà Náìnì, Ilé-Ifẹ̀

ÈSÌ: Àbúrò, má lọ síbì kankan. Osimhen tí gbogbo yín ń pariwo ẹ̀ yìí, kò gbá góòlù kan ṣoṣo wọlé fún Wolfsburg tó gbé e lọ sí Jámánì ní 2017, ibà tún wá dá a dúbúlẹ̀, kíláàbù méjì ní Belgium, Zulte Waregem àti Club Brugge, wò ó tán wọ́n láwọn ò fẹ́, kí Charleroi tó gbà á ní 2018. Nígbà tó máa fi di 2023, góòlù 26 ló gbá wọlé ní líìgì tí Napoli fi gba ife Ítálì.

Ibi tó ò ń dúró sí ni kó o wò. Góòlù tí Rashidi Yẹkíni gbá wọlé Bulgaria ní 1994, àkọ́kọ́ Nàìjíríà ní Ife Àgbáyé, lọ wò ó lórí YouTube: Finidi George ló ṣiṣẹ́ lápá ọ̀tún, ó ti bọ́ọ̀lù nílẹ̀nílẹ̀ gba iwájú ilé, Yẹkíni kàn sáré dé ẹnu ilé ni, ó tì í wọlé. Kò gé ẹnì kankan! Tí difẹ́ńdà bá ti ń wo bọ́ọ̀lù, ìwọ bọ́ sẹ́yìn èjìká ẹ̀ níbi tójú ẹ̀ ò dé, kó o sì ti wo ibi tí aṣọ́lé wà kí bọ́ọ̀lù tó kàn ọ́ lẹ́sẹ̀. Kó o yé gbá a bí ẹni fẹ́ ya àwọ̀n. Yẹkíni ń gbá a bẹ́ẹ̀ nígbà míì lóòótọ́, àmọ́ wo itan ẹ̀, kó o wá wo tìẹ.

ÌBÉÈRÈ: Ṣé obìnrin lè fi bọ́ọ̀lù jẹun? Bàbá mi ní rárá. – Ọmọ SS2, Modákẹ́kẹ́

ÈSÌ: Fi Asisat Oshoala ọmọ Ìkòròdú han bàbá. Ẹ̀ẹ̀mẹfà ni wọ́n ti fi ṣe agbábọ́ọ̀lù obìnrin tó dáa jù ní Áfíríkà, ó gba Champions League pẹ̀lú Barcelona ní 2021, àwọn òbí tiẹ̀ náà ò sì kọ́kọ́ fẹ́. Ṣùgbọ́n owó àwọn obìnrin ò tíì tó ti ọkùnrin rárá, torí náà má jù ìwé ẹ sílẹ̀.

ÌBÉÈRÈ: Ọdẹ́gbàmí, Yẹkíni, Osimhen, ta lọ̀gá? Ẹ má ṣe òṣèlú o. – Bàbá Mayfair, Ilé-Ifẹ̀

ÈSÌ: Bàbá, ẹ fẹ́ kí wọ́n lù mí ni. Ṣẹ́gun Ọdẹ́gbàmí gbá góòlù 23 fún Nàìjíríà, méjì nínú ẹ̀ wọ ilé Algeria ní àṣekágbá Ife Áfíríkà 1980 ní Sùúrùlérè tá a fi gba 3-0, ẹ̀gbẹ́ ló sì ti ń gbá, kì í ṣe àárín, ó tún ka ẹnjiníà ní Pólì Ìbàdàn mọ́ ọn (Ìyá Aláṣọ, ṣé ẹ gbọ́). Osimhen ṣì ń gbá tiẹ̀ lọ́wọ́.

Yẹkíni ni tèmi. Góòlù 37 fún Nàìjíríà. Ó ti pé ọdún 26 kó tó dé Pọtogí ní 1990, lẹ́yìn Ìbàdàn, Abẹ́òkúta àti Àbíjàn, ó ti pé 30 nígbà tó gbá góòlù tó pọ̀ jù ní líìgì ibẹ̀ pẹ̀lú 21. Òun ni ọmọ Nàìjíríà àkọ́kọ́ tó gba àmì ẹ̀yẹ agbábọ́ọ̀lù tó dáa jù ní Áfíríkà, ní 1993. Nígbà tó kú ní oṣù Karùn-ún 2012, mi ò lè jẹun lálẹ́ ọjọ́ yẹn.

Òru la wo góòlù Bulgaria yẹn ní Iléṣà, jẹnẹrétọ̀ aládùúgbò la fi wò ó, ilé kún dé ẹnu ọ̀nà. Ó ti bọ́ọ̀lù wọlé tán, ó ki ọwọ́ méjèèjì bọ inú àwọ̀n, ó dì í mú, ó ń sunkún, ó ń sọ̀rọ̀, kò sẹ́ni tó gbọ́ nǹkan tó ń sọ. Gbogbo wa ń fò sókè, àfi màmá mi tí ò wo bọ́ọ̀lù rí, àwọn ló ń bi wá pé, “Ta ló na ọmọ yìí?”