Èsì: Ọkùnrin olójú ràbàtà inú Casablanca

Ẹ kú ìbéèrè o. Ọkùnrin kúkurú olójú ràbàtà tí ẹ béèrè orúkọ rẹ̀, tí ẹ ní ó ń bẹ Bogart, olú òṣèré inú fíìmù Casablanca, pé kó fi òun pamọ́ nígbà tí ọlọ́pàá dé, òṣèré Peter Lorre ni. Kì í ṣe ọmọ Jámánì bí ẹ ṣe rò. László Löwenstein lorúkọ àbísọ rẹ̀. 1904 ni wọ́n bí i, ní ìlú tó wà ní Slovakia lónìí.

Fíìmù M, tí olùdarí fíìmù Fritz Lang ṣe ní 1931, ló sọ ọ́ di gbajúmọ̀. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ wo ìparí rẹ̀, níbi tí apààyàn tí Lorre ṣe ti wà lórí ìkúnlẹ̀ níwájú àwọn ọ̀daràn tó ń dá a lẹ́jọ́, tó ń ké pé kì í ṣe ẹjọ́ òun, pé nǹkan kan ló ń lé òun kiri. Àánú rẹ̀ á ṣe yín, ẹ ó sì bínú sí ara yín pé ẹ ṣàánú apààyàn. (Ìfé tí apààyàn náà ń sú nínú fíìmù náà, Lang ló sú u, Lorre ò mọ ìfé sú.)

Júù ni, ló bá sá fún Hitler ní 1933. Kò fi bẹ́ẹ̀ gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì nígbà tó ṣeré fún olùdarí fíìmù Hitchcock ní Lọ́ńdọ̀nù. Ṣe ló há ọ̀rọ̀ tó máa sọ sórí. Ní Hollywood, ipa ọ̀daràn ni wọ́n ń fún un ṣáá, ó sì dùn mí, torí ó jù bẹ́ẹ̀ lọ. Ẹ wá Der Verlorene wò, fíìmù kan ṣoṣo tó darí fúnra rẹ̀, ní Jámánì ní 1951.