Ẹ Bi Wá: Kí Ló Dé Tí Àwọn Awakùsà Òpálì Fi Ń Gbé Lábẹ́ Ilẹ̀?

Ìbéèrè: Ẹ̀yin olóòtú, mo gbọ́ pé abẹ́ ilẹ̀ ni àwọn tó ń wa òkúta iyebíye tí wọ́n ń pè ní òpálì ní Coober Pedy, ní ilẹ̀ Ọsirélíà, ń gbé. Ṣé òṣì ló fà á ni? — Òǹkàwé, Ìlọrin.

Ìdáhùn: Ẹ ṣeun. Kì í ṣe òṣì rárá, ooru ni. Aṣálẹ̀ ni ìlú náà wà, ní nǹkan bí 850 kìlómítà sí àríwá ìlú Adelaide. Nígbà ẹ̀ẹ̀rùn, ooru a máa kọjá ìwọ̀n 40 lórí òṣùwọ̀n Celsius níta, ṣùgbọ́n inú ilé tí wọ́n gbẹ́ sínú òkè a máa tutù dáadáa tọ̀sán-tòru, láìlo ẹ̀rọ amúlétutù.

Láti ọdún 1915, tí ọ̀dọ́mọkùnrin kan, Willie Hutchison, rí òpálì níbẹ̀, ọwọ́ àwọn aládàáni ni iṣẹ́ náà wà jù: ẹnì kan tàbí ọ̀rẹ́ méjì a gba àṣẹ lórí ilẹ̀ kékeré, wọn a fọ́ àpáta, wọn a sì fi ẹ̀rọ fa erùpẹ̀ rẹ̀ jáde. Ohun tó ká mi lára jù ni pé wọn kì í gba owó oṣù. Ènìyàn lè gbẹ́lẹ̀ fún oṣù púpọ̀, kó má rí ju òpálì tí kò ní àwọ̀ lọ, tí kò sì tó owó epo. Àwọn kòtò tí wọ́n pa tì pọ̀ gan-an, ìdí nìyẹn tí àmì ìkìlọ̀ fi ń sọ fún àlejò pé kó má ṣe fi ẹ̀yìn rìn.