Èéfín tí Ìyá ń rí lójú wíńdò

ÌBÉÈRÈ: Ẹ̀gbọ́n, ẹ kú iṣẹ́ o. Fíìmù kékeré kan ni mo fẹ́ fi fóònù yà, kò ní ju ìṣẹ́jú 10 lọ. Ìyá àgbà kan ni wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ gbé wá sílé ọmọ ẹ̀ l'Ókèlele, n'Ílọrin níbí, ẹsẹ̀ ò jẹ́ kó jáde, ojú wíńdò ló máa ń jókòó sí. Ó rí èéfín lẹ́yìn ògiri, ó rò pé ilé ń jó, àṣé àwọn ìyá Dada, àwọn tó ń fi amọ̀ mọ ìkòkò ládùúgbò yẹn, ló ń sun ìkòkò. Àwọn ọ̀rẹ́ mi ní kí Ìyá máa sọ ohun tó ń rò jáde kó lè yé èèyàn. Bí mo bá sì kọjú kámẹ́rà sí wíńdò, yálà kí ojú Ìyá ṣókùnkùn tàbí kí ìta funfun báláú. Kí ni ṣíṣe? (Akẹ́kọ̀ọ́, Tanke)

ÌDÁHÙN: Àbúrò mi, má jẹ́ kí Ìyá sọ nǹkan kan o jàre! Tó bá ti fẹnu ẹ̀ sọ pé ilé ń jó, kí ló kù tí ẹni tó ń wò ó máa ṣe? Àwa náà ló yẹ kó ṣì wò pẹ̀lú Ìyá.

Ọmọ Rọ́ṣíà kan tó ń ṣe fíìmù, Lev Kuleshov, ti dán irú ẹ̀ wò ní nǹkan bí 100 ọdún sẹ́yìn, ojú ọkùnrin kan ṣoṣo, tí ò rẹ́rìn-ín tí ò sunkún, ló tò mọ́ àwòrán abọ́ ọbẹ̀, ó tún tò ó mọ́ ti pósí, wọ́n ní ṣe làwọn èèyàn ń yìn ín pé ó mọ eré ṣe, pé ebi ń pa á níbí, inú ẹ̀ bàjẹ́ lọ́hùn-ún, bẹ́ẹ̀ ojú kan náà ni. Ìwọ náà, ya ojú Ìyá jẹ́ẹ́, fi èéfín tẹ̀ lé e, àyà gbogbo wa á já. Tó bá yá, kí obìnrin kan gba abẹ́ wíńdò kọjá, kó ru ìkòkò tí eérú ò tíì kúrò lára ẹ̀, kó o tún gbé ojú Ìyá yẹn náà padà, wàá rí i pé ara á tù wá. Kámẹ́rà ò gbọdọ̀ jáde nínú yàrá o. Ohùn ni kó máa wọlé: ìró ọwọ́ tó ń gbá amọ̀, pà, pà, pà, láti ìbẹ̀rẹ̀, ká tó mọ ohun tó jẹ́.

Ní ti ìmọ́lẹ̀, kámẹ́rà ò lè rí ibi tó mọ́lẹ̀ àti ibi tó ṣókùnkùn pa pọ̀ bíi ti ojú wa. Fìka tẹ ìta lójú fóònù, má gbé e kúrò títí táá fi lọ́ọ̀kì, kó o wá ta aṣọ funfun síwájú Ìyá, níbi tí kámẹ́rà ò ti ní rí i, kó máa da ìmọ́lẹ̀ padà sójú ẹ̀. Èyí tó rọrùn jù ni kó o dúró dìrọ̀lẹ́, tí inú àti ìta bá fẹ́ẹ̀ dọ́gba. Tílẹ̀ bá wá ṣú, tan gílóòbù, gíláàsì á di dígí torí inú ti mọ́lẹ̀ jùta lọ, ojú ara ẹ̀ ni Ìyá máa rí níbi tó ti ń wá èéfín. Èmi fẹ́ràn ìyẹn gan-an.

Kó o tó ya ohunkóhun, lọ kí àwọn ìyá Dada, gbàyè lọ́wọ́ wọn, kó o sì bi wọ́n lọ́jọ́ tí wọ́n máa sun ìkòkò.