Ẹ Béèrè Lọ́wọ́ Wa: Ogun Àwọn Ọbàkan Lórí Omi Àìkú

Ìbéèrè: Ẹ kú iṣẹ́ o, ẹ̀yin olóòtú wa. Nígbà tí mò ń bọ̀ láti Bangkok, mo rí ère ńlá kan ní pápákọ̀ òfurufú Suvarnabhumi. Ọ̀wọ́ àwọn ẹ̀dá abàmì méjì ń fa ejò gígùn kan mọ́ra wọn lọ́wọ́, ìjàpá sì wà nísàlẹ̀. Ta ni wọ́n, kí ni wọ́n sì ń jà lé lórí? (Òǹkàwé kan, Ìbàdàn)

Ìdáhùn: Ẹ ṣeun tí ẹ wo ère náà dáadáa. Ìtàn mímọ́ àwọn ẹlẹ́sìn Híńdù ni, ó sì wà nínú àwọn ìwé àtijọ́ ilẹ̀ Íńdíà bíi Mahabharata, Vishnu Purana àti Bhagavata Purana, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ọ̀nà tí ìwé kọ̀ọ̀kan gbà sọ ọ́ yàtọ̀ díẹ̀díẹ̀. Apá kan ni àwọn Deva, ìyẹn àwọn òrìṣà, tí Indra jẹ́ ọba wọn. Apá kejì ni àwọn Asura, àwọn abàmì alágbára tí í ṣe ọ̀tá wọn, tí Bali ṣe olórí fún. Kashyapa ni bàbá gbogbo wọn. Aditi bí àwọn Deva, àwọn orogún rẹ̀, Diti àti Danu, sì bí àwọn Asura. Ọbàkan ni wọ́n, kò sì yẹ kí ó ṣòro fún wa láti mọ irú ìjà tí ó wà láàárín wọn.

Ṣùgbọ́n wọn kò tíì jà nínú ère tí ẹ rí yẹn. Iṣẹ́ ni wọ́n jọ ń ṣe. Ẹni mímọ́ kan tí inú rẹ̀ kì í pẹ́ ru, Durvasa, ni ó fún Indra ní ẹ̀gbà òdòdó. Indra fi kọ́ orí erin rẹ̀, erin sì jù ú sílẹ̀. Durvasa fi í gégùn-ún, agbára àwọn Deva bẹ̀rẹ̀ sí gbẹ, àwọn Asura sì ṣẹ́gun wọn. Vishnu, òrìṣà ńlá tí ń dáàbò bo ayé, wá gbà wọ́n nímọ̀ràn pé kí wọ́n bá ọ̀tá wọn ṣàdéhùn, kí wọ́n jọ wá amrita, omi àìkú, tí ó wà nínú òkun wàrà. Bí obìnrin Fúlàní ṣe máa ń mi wàrà títí ọ̀rá rẹ̀ yóò fi léfòó, bẹ́ẹ̀ ni wọ́n ní láti po òkun náà. Òkè Mandara ni wọ́n fi ṣe ọ̀pá ìpowàrà, wọ́n sì wé Vasuki, ọba ejò, mọ́ ọn bí okùn. Bí ìhà kan bá fà, ìhà kejì a dẹ̀, òkè a sì yí. Nítorí náà kò sí èyí tí ó lè dá a ṣe nínú wọn. Nígbà tí òkè náà ń rì, Vishnu sọ ara rẹ̀ di ìjàpá, ó sì gbé e sí ẹ̀yìn.

Májèlé ni ó kọ́kọ́ jáde, kì í ṣe omi àìkú. Shiva, òrìṣà ńlá mìíràn, ni ó gbé e mu láti gba ayé là, ọ̀fun rẹ̀ sì di aró. Ìdí nìyí tí wọ́n fi ń pè é ní Nilakantha, ìyẹn ọlọ́fun aró. Lẹ́yìn náà ni ìṣúra ń jáde lọ́kọ̀ọ̀kan: màlúù tí ń fúnni ní ohun gbogbo, ẹṣin funfun, Lakshmi tí í ṣe ìyá ọrọ̀. Dhanvantari, oníṣègùn, ni ó gbé ìkòkò amrita jáde nígbẹ̀yìn.

Bí ẹ bá dé Kàǹbódíà, ẹ wo ìran kan náà lára ògiri Angkor Wat, tẹ́ńpìlì tí ọba Suryavarman Kejì kọ́ ní ọ̀rúndún kejìlá. Gígùn ìran tí wọ́n gbẹ́ náà tó nǹkan bíi mítà 49.

Ìbéèrè: Mo gbọ́ pé wọ́n rẹ́ àwọn Asura jẹ nígbà tí ó kan pínpín. Ṣé òtítọ́ ni? (Òǹkàwé kan, Abẹ́òkúta)

Ìdáhùn: Òtítọ́ ni, ó sì dùn mí ní gbogbo ìgbà tí mo bá ka ibẹ̀. Àwọn Asura já ìkòkò náà gbà, wọ́n sì ń bá ara wọn jà lórí ẹni tí yóò kọ́kọ́ mu. Vishnu wá di arẹwà obìnrin tí à ń pè ní Mohini, wọ́n sì fi ọwọ́ ara wọn gbé ìkòkò lé e lọ́wọ́ pé kí ó bá àwọn pín in. Ó tò wọ́n ní ìlà méjì, àwọn Deva nìkan ni ó sì bù fún. Asura kan ṣoṣo, Rahu, ni ó fura, tí ó yọ́ jókòó sáàárín àwọn Deva. Oòrùn àti òṣùpá tú àṣírí rẹ̀, Vishnu sì bẹ́ ẹ lórí. Ṣùgbọ́n ó ti tọ́ amrita wò, nítorí náà orí náà kò kú: òun ni wọ́n gbà pé ó ń gbé oòrùn àti òṣùpá mì nígbà tí òkùnkùn bá bò wọ́n.

Àwọn ẹlẹ́sìn Híńdù ní bí àwọn Asura bá mu ún, ìwà ìkà wọn kì bá tí lópin. Mo gbọ́ àlàyé yìí. Síbẹ̀, ìhà orí ejò ni àwọn Asura fà láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin, èéfín ẹnu rẹ̀ sì gba okun lára wọn, nígbà tí Vishnu ti sọ fún àwọn Deva tẹ́lẹ̀, nínú Vishnu Purana, pé nínú làálàá nìkan ni àwọn Asura yóò ti ní ìpín. Àdéhùn tí ẹnì kan ti pinnu láti dà kí iṣẹ́ tó bẹ̀rẹ̀ kì í ṣe àdéhùn lójú tèmi.

Ìbéèrè: Ṣé ìtàn yìí ni ó fa ìwẹ̀ odò ńlá ti Íńdíà? (Òǹkàwé kan, Èkó)

Ìdáhùn: Bẹ́ẹ̀ ni ọ̀pọ̀ ènìyàn gbà. Ìgbàgbọ́ wọn ni pé amrita kán sílẹ̀ ní Prayagraj, Haridwar, Ujjain àti Nashik, níbi tí wọ́n ti ń ṣe Kumbh Mela. Ìkòkò gan-an ni ìtumọ̀ "kumbh". Àjọ UNESCO fi ayẹyẹ náà kún àkọsílẹ̀ àjogúnbá àṣà ní ọdún 2017.

Ìbéèrè: Ta ni ó wá ṣẹ́gun? (Òǹkàwé kan, Ìlọrin)

Ìdáhùn: Nígbà tí àwọn Asura rí i pé wọ́n ti rẹ́ àwọn jẹ, ogun bẹ́ sílẹ̀ létí òkun, àwọn Deva sì borí. Bali ṣubú lójú ogun. Ṣùgbọ́n Bhagavata Purana sọ pé Shukra, olùkọ́ àwọn Asura, ní ìmọ̀ ìjìnlẹ̀ tí ó fi ń jí òkú dìde, ó sì jí Bali. Nígbà tí ó yá, Bali kó ogun ja ìlú Indra láìjẹ́ pé ó tọ́ amrita wò rí, àwọn Deva tí wọ́n ti mu ún sì sá fi ìlú sílẹ̀ fún un.