Yíya fọ́tò àwọn ìyá amọ̀kòkò: èèwọ̀ ni tàbí ẹ̀tọ́?

Ìbéèrè: Áfáà wa, ẹ kú iṣẹ́ ẹ̀sìn. Mo máa ń ya fọ́tò àwọn ìyá tó ń mọ ìkòkò ní Dàda, ní Òkèlélé, ní Ìlọrin níbí, nínú ilé wọn àti lẹ́nu iṣẹ́ wọn. Lẹ́yìn ìrun Jímọ̀, ẹnìkan sọ lójú gbogbo jàmáà pé irú èmi ni ìyà rẹ̀ yóò le jùlọ ní Ọjọ́ Àjíǹde. Ṣé kí n jáwọ́ ni?

Ìdáhùn: Ọpẹ́ ni fún Ọlọ́hun. Má jáwọ́, ọmọ mi, ṣùgbọ́n ẹni tó bá ọ wí kò mọ ibi tí ẹ̀ṣẹ̀ wà.

Hádíìsì tó fi ń halẹ̀ mọ́ ọ, pé àwọn tó ń ya àwòrán ni ìyà wọn yóò le jùlọ, wà nínú Bukhari àti Muslim, a sì gbà á gbọ́. Àmọ́ àwọn onímọ̀ tó ń tọ ipa Imam Malik, tí í ṣe ipa tiwa, ti ṣàlàyé pé ère ohun ẹlẹ́mìí tí ẹ̀yà ara rẹ̀ pé, tó sì ní òjìji, ni ó jẹ́ èèwọ̀ pátápátá. Èyí tí a yà sára aṣọ tàbí ògiri, wọ́n kórìíra rẹ̀ ni, wọn kò sọ ọ́ di èèwọ̀. Fọ́tò tún fúyẹ́ jù bẹ́ẹ̀ lọ, nítorí oníkámẹ́rà kò gbẹ́ imú, kò kun ojú. Òjìji ohun tí Ọlọ́hun dá ni ó mú dúró, bí Muhammad Bakhit al-Muti'i, tó di mufti ilẹ̀ Íjíbítì ní 1914, ṣe kọ ọ́. Àwọn tó ń pariwo èèwọ̀ yìí náà kọ́, tí fọ́tò tiwọn, tòun ti láwàní, wà lára pósítà wàásí láti Ọjà Ọba dé Gàá Àkànbí?

Ẹnu ọ̀nà ni ẹ̀rù rẹ ti ń bà mí. Nínú fọ́tò kẹta tí o fi ránṣẹ́ sí mi, ìyá kan bẹ̀rẹ̀ sídìí ìkòkò, amọ̀ gbẹ mọ́ ọn lápá dé ìgbọ̀nwọ́, ìborùn rẹ̀ ti yọ́ sẹ́yìn, irun funfun rẹ̀ sì hàn. Ǹjẹ́ ó mọ̀ pé o wà níbẹ̀? Ọkùnrin kan yọjú wo inú ilé Ànábì, kí ìkẹ́ àti ọlà Ọlọ́hun máa bá a, láti ojú ihò, nígbà tí òòyà irin wà lọ́wọ́ Ànábì tó fi ń họ orí. Ànábì ní bí òun bá mọ̀ pé ọkùnrin náà ń wo òun ni, òun ìbá fi gún un lójú, nítorí ojú ni a ṣe pàṣẹ pé kí a máa tọrọ àyè. Ti kámẹ́rà wá ńkọ́?

Nítorí náà, àyè tí ìyá fún ọ láti wọlé ra ìkòkò kì í ṣe àyè fọ́tò, àyè fọ́tò kì í sì í ṣe àyè Facebook. Fi fọ́tò hàn án, sọ ibi tí ò ń gbé e lọ fún un ní èdè tó yé e, bó bá sì sọ lọ́la pé òun kò fẹ́ mọ́, mú un kúrò láìjiyàn. Àṣẹ ọmọ rẹ̀ kò tó.

Pa fọ́tò kẹta yẹn rẹ́ lónìí. Ẹnìkan lè mú ẹsẹ 60 nínú Súrà An-Nur wá, pé Ọlọ́hun ṣe é ní ìrọ̀rùn fún àwọn àgbà obìnrin láti bọ́ aṣọ ìlékè wọn sílẹ̀. Ìyá ni ó ni ìrọ̀rùn yẹn, kì í ṣe ìwọ.

Àwọn yòókù dára. Tẹ̀ wọ́n jáde, kí o sì kọ́kọ́ mú wọn lọ fún àwọn ìyá náà. Kí wọ́n má kàn gbé wọn kọ́ síbi tí wọ́n ti ń kírun. Ọlọ́hun ni ó mọ̀ jùlọ.