Èsì: Igi ẹlẹ́ka pupa tó wà létí odò

Ẹ kú ìbéèrè, ẹ̀gbọ́n. Igi kúkúrú tẹ́ ẹ rí létí odò lórí òkè Colorado ní Amẹ́ríkà yẹn, tẹ́ ẹ ní ẹ̀ka rẹ̀ pupa fòò nígbà òtútù, ó jọ Cornus sericea (igi kúkúrú tí wọ́n ń pè ní red osier dogwood) lójú mi. Ṣùgbọ́n ẹ má fi àwọ̀ nìkan dá a mọ̀, torí ẹ̀ka àwọn wílò (willow, igi mìíràn tó ń hù létí odò) kan náà máa ń pupa. Tó bá rúwé, ẹ wò ó: ewé méjì-méjì ló ń kọjú síra lára ẹ̀ka, iṣan wọn á sì tẹ̀ lọ sí ṣóńṣó ewé. Ẹ rọra fa ewé kan ya. Ẹ ó rí fọ́nrán funfun tín-ín-rín, bí òwú aláǹtakùn, tó ṣì so ìdá méjèèjì pọ̀. Ti wílò kì í rí bẹ́ẹ̀.

Ẹ tún bi mí pé ṣé àwọn ẹ̀ka tó ń di aláwọ̀ eérú ti fẹ́ kú ni. Rárá o, wọ́n gbó ni. Ẹ̀ka tuntun ló ń pupa jù. Tó bá jẹ́ ti inú ọgbà, ẹ gé àwọn tó gbó mọ́lẹ̀ kí òtútù tó parí, kó tó rúwé. Lásìkò yẹn náà, ẹ gé díẹ̀ nínú àwọn tuntun, ẹ rì wọ́n bọ ilẹ̀ tó lómi nínú, wọ́n á ta gbòǹgbò. Bẹ́ẹ̀ ni wọ́n ṣe ń gbìn ín kí omi má baà wọ́ etí odò lọ. Ẹ ṣáà dáàbò bò ó, àgbọ̀nrín fẹ́ràn rẹ̀ jù.